Ọmọ mi ní ọjọ́ Ajé pupa, ọdún sì yí òun ká: ṣé àìsàn ni?

Ìbéèrè: “Ọmọbìnrin mi ti pé ọdún mẹ́sàn-án. Láti kékeré ló ti máa ń sọ pé ọjọ́ kọ̀ọ̀kan ní àwọ̀ tirẹ̀: Ajé pupa, Ọjọ́rú sì rí bí ewé gbígbẹ. Lóṣù tó kọjá, ó sọ fún mi pé ọdún yí òun ká bí ìlẹ̀kẹ̀ ìdí, pé ẹ̀yìn èjìká òsì òun ni Dìsẹ́ńbà wà, Júùnù sì wà níwájú. Tíṣà rẹ̀ ní irọ́ ló ń pa. Àǹtí mi kan ní kí n gbé e lọ fún àdúrà, pé ó lè jẹ́ pé ó ń ríran. Ara ọmọ náà le, ó sì ń ṣe dáadáa nílé ìwé. Kí lèyí? Báwo ni mo ṣe lè mọ̀ bóyá òótọ́ ni? Ṣé kí n gbé e lọ sílé ìwòsàn?” Ìyá ọmọ kan, Òṣogbo.

Ìdáhùn:

Ẹ kú ìtọ́jú ọmọ, màmá. Ohun tí ẹ júwe yìí bá ohun kan mu tí àwọn onímọ̀ ọpọlọ ti mọ̀ tipẹ́, tí wọ́n ń pè ní sinẹsitísíà. Ohun tó jẹ́ ni pé bí ènìyàn bá rí nǹkan kan, tó gbọ́ ọ tàbí tó rò ó, ìmọ̀lára mìíràn á bá a wọlé, láìjẹ́ pé ẹni náà pè é. Ẹnì kan lè gbọ́ fèrè kí àwọ̀ kan yọ sí i lọ́kàn. Ẹlòmíràn á gbọ́ orúkọ kan, adùn oúnjẹ kan á sì dé ẹnu rẹ̀. Ti ọmọ yín jẹ́ oríṣi méjì tó lè wà lára ẹnì kan náà: àwọ̀ tó ń bá ọjọ́ rìn, àti àkókò tó ní ibùdó yí ara ká. Kì í ṣe àìsàn. Bí ìdánwò tí mo máa júwe bá sì gbe ọmọ náà lẹ́yìn, kò purọ́ fún ẹnikẹ́ni.

Kò ṣọ̀wọ́n tó bí tíṣà rẹ̀ ṣe rò. Àwọn olùwádìí kan ní England ti kọ́kọ́ polówó sínú ìwé ìròyìn pé kí ẹni tó bá ní in kọ̀wé sáwọn, wọ́n sì ṣírò rẹ̀ sí ẹnì kan nínú 2,000. Ọ̀nà yẹn kò dára, nítorí ẹni tó bá ń wù láti sọ̀rọ̀ nìkan ló ń kọ̀wé. Ní 2006, Julia Simner àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ dán akẹ́kọ̀ọ́ 500 wò ní yunifásítì Edinburgh àti Glasgow, láìdúró de ẹni tó máa fúnra rẹ̀ jáde. Iye tí wọ́n rí ni 4.4 nínú ọgọ́rùn-ún, ìyẹn bí ẹnì kan nínú 23. Ọjọ́ ọ̀sẹ̀ aláwọ̀ ló sì pọ̀ jù nínú gbogbo oríṣi tí wọ́n bá pàdé. Bí iye náà bá rí bákan náà lọ́dọ̀ wa, kíláàsì ọmọ 45 á ní bí ọmọ méjì. Ọ̀pọ̀ wọn kì í sọ ọ́ rárá, torí wọ́n rò pé bó ṣe rí fún gbogbo ènìyàn nìyẹn, tàbí kí wọ́n ti sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan kí wọ́n sì gba ìfọ́tí.

Ọ̀rọ̀ náà kì í sì ṣe tòní. Ní 1812, ará Jámánì kan tó ń jẹ́ Georg Sachs kọ ìwé oyè dókítà rẹ̀ nípa ara òun àti arábìnrin rẹ̀, àwọn méjèèjì jẹ́ àfín; inú rẹ̀ ló ti ṣàlàyé pé lẹ́tà, nọ́ńbà àti ọjọ́ ọ̀sẹ̀ ní àwọ̀ lọ́kàn òun. Ní 1880, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ará England kan, Francis Galton, bẹ̀rẹ̀ sí í kó àwòrán jọ láti ọwọ́ àwọn tí nọ́ńbà ní ibùdó lójú wọn. Fúnra wọn ni wọ́n yà á: ti ẹnì kan gùn lọ sókè, ti ẹlòmíràn ṣẹ́ kọ́rọ́, ti àwọn kan sì yí láti 1 dé 12 bí ojú aago kó tó wá na gbọọrọ. Kò sí méjì tó jọra. Ohun tí ẹ gbọ́ lẹ́nu ọmọ yín, bó ṣe rí náà nìyẹn: bátánì tó jẹ́ ti òun nìkan, tí ẹnikẹ́ni kò kọ́ ọ.

Ẹnikẹ́ni ló máa ń fi ààyè rò àkókò. A ń sọ̀rọ̀ ọjọ́ iwájú. Àwọn Aymara tí wọ́n ń gbé lórí òkè Andes ní Gúúsù Amẹ́ríkà máa ń nawọ́ síwájú bí wọ́n bá ń sọ ohun tó ti kọjá, torí ohun tó ti kọjá ni ojú ti rí. Ṣùgbọ́n àṣà nìyẹn, gbogbo ìlú ló jọ ní in. Ti ọmọ yín yàtọ̀ ní ti pé oṣù kọ̀ọ̀kan ní ojú kan pàtó tí ẹ lè fi okùn wọ̀n, kò yan ibẹ̀, kò sì lè fi ìfẹ́ inú ṣí i nípò.

Ní ti ìríran tí àǹtí yín sọ: ibi tí Dìsẹ́ńbà dúró sí ni ọmọ náà ń rí, kì í ṣe ohun tó máa ṣẹlẹ̀ nínú Dìsẹ́ńbà. Nínú gbogbo ìwádìí tí wọ́n ti ṣe lórí rẹ̀, kò sí ohun tó so ó mọ́ mímọ ọ̀la. Bí ẹ bá fẹ́ gbàdúrà fún ọmọ yín, ẹ gbà á. Gbogbo òbí ló ń gbàdúrà. Ṣùgbọ́n mo bẹ̀ yín, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi ààwẹ̀ dá ọmọ ọdún mẹ́sàn-án lóró, kí wọ́n nà án, tàbí kí wọ́n dè é mọ́lẹ̀ nítorí èyí. Ọmọ tí wọ́n bá ṣe bẹ́ẹ̀ fún á panu mọ́, ẹ kò sì ní gbọ́ mọ́ bí nǹkan tó ṣe pàtàkì bá ń ṣe é lọ́jọ́ mìíràn.

Kí ló ń fà á? Ibi tí ọpọlọ fi ń mọ àwọ̀ àti ibi tó fi ń dá lẹ́tà àti nọ́ńbà mọ̀ sún mọ́ ara wọn gan-an, nísàlẹ̀ ọpọlọ lápá ẹ̀yìn. Ní 2001, àwọn olùwádìí méjì, Ramachandran àti Hubbard, dábàá pé ìsopọ̀ tó wà láàárín méjèèjì ló pọ̀ lára àwọn ènìyàn wọ̀nyí ju tara àwa yòókù lọ, débi pé bí ọ̀kan bá jí, á jí èkejì. Àwọn mìíràn ní ìsopọ̀ náà wà lára gbogbo wa, pé ohun tó yẹ kó máa dá a dúró ni kò lágbára tó. Wọn kò tíì yanjú rẹ̀. Ní ti ibùdó oṣù, apá òkè ọpọlọ lẹ́yìn ni ọ̀rọ̀ kàn, torí ibẹ̀ ló ń bójú tó ipò nǹkan yí wa ká, ibẹ̀ náà ló sì ń bójú tó bí nọ́ńbà ṣe ń tẹ̀ léra. Ẹ tún wo ohun tó sábà máa ń ní àwọ̀: ọjọ́, oṣù, nọ́ńbà, ABD. Gbogbo rẹ̀ ló jẹ́ ohun tí a ń fi orin kọ́ ọmọ ní títẹ̀léra títí á fi há a lórí. Ó máa ń rìn nínú ìdílé pẹ̀lú, nítorí náà ẹ bi ìyá bàbá rẹ̀ àti àwọn àbúrò yín. Ẹ má ṣe retí pé àwọ̀ wọn á bá ara mu. Ajé lè pupa fún ọmọ kó sì jẹ́ àwọ̀ ewé fún ìyá rẹ̀.

Ó kan ìdánwò wàyí. Ohun tí ẹ ń wá kì í ṣe bóyá ọmọ náà lè dárúkọ àwọ̀. Gbogbo ọmọ ló lè ṣe é. Ohun tí ẹ ń wá ni bóyá àwọ̀ náà dúró sójú kan fún oṣù púpọ̀ láìjẹ́ pé ó há a sórí. Ní 1993, Simon Baron-Cohen àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ dán àwọn tó ní sinẹsitísíà wò, wọ́n sì padà dé lẹ́yìn ọdún kan: ìdáhùn wọn bá ti àkọ́kọ́ mu ní ìdá 92 nínú ọgọ́rùn-ún. Àwọn tí kò ní in, tí wọ́n kàn sọ èyí tó bá wù wọ́n, kò rí ju ìdá 37 lọ lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ kan péré. Àlàfo yẹn ni ìdánwò náà dúró lé.

Ẹ ra pẹ́ńsù aláwọ̀ 24. Lórí pépà funfun, ẹ fi pẹ́ńsù kọ̀ọ̀kan kun ojú igun mẹ́rin méjì, bíi sẹ̀ǹtímítà mẹ́ta-mẹ́ta. Ẹ tẹ ọ̀kan mọ́lẹ̀ dáadáa, kí ẹ rọra fi pẹ́ńsù gba èkejì. Ó di 48. Ẹ gé wọn, ẹ kọ nọ́ńbà sí ẹ̀yìn wọn, kí ẹ fi pépà kan tí ẹ kò kùn rárá kún un fún “kò sí àwọ̀”. Ẹ wá kọ orúkọ ọjọ́ méje àti oṣù méjìlá sórí káàdì 19, ẹ dà wọ́n pọ̀ kí wọ́n má tẹ̀ léra. Ẹ jókòó sẹ́bàá fèrèsé láàárọ̀, kí ẹ má lo iná gílóòbù, torí iná pupa rẹ́súrẹ́sú máa ń yí àwọ̀ padà lójú. Ẹ tẹ́ àwọn àwọ̀ náà sílẹ̀ ní wúruwùru, ẹ ka káàdì kan sókè, kí ọmọ náà nawọ́ sí èyí tó bá a mu. Ẹ kọ nọ́ńbà ẹ̀yìn rẹ̀ sílẹ̀. Ẹ má rẹ́rìn-ín, ẹ má sọ pé “ṣé ó dá ọ lójú?”, ẹ má mi orí. Kó má ju ogún ìṣẹ́jú lọ. Ọmọ tó bá ti rẹ̀ á máa mú èyí tó sún mọ́ ọwọ́ rẹ̀.

Ẹ kó pépà náà pamọ́. Ẹ má sọ fún un pé ẹ máa tún un ṣe. Lẹ́yìn oṣù mẹ́ta, ẹ da káàdì pọ̀ lọ́tun, ẹ tẹ́ àwọ̀ náà lọ́nà mìíràn, kí ẹ tún un ṣe níbi fèrèsé kan náà. Bó bá mú ojú kan náà, tàbí èkejì rẹ̀ tó wá láti ara pẹ́ńsù kan náà, ó gba máàkì kan. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, òdo.

Ẹ wá wá ọmọ kejì tí ọjọ́ orí wọn bára mu, tí kò ní irú nǹkan báyìí. Ẹ ní kó fún ọ̀kọ̀ọ̀kan ní àwọ̀ tó bá wù ú. Ẹ ṣe ojúure fún un: ẹ sọ fún un pé ẹ ń padà bọ̀ lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ kan, kó gbìyànjú láti rántí. Bí máàkì ọmọ yín lẹ́yìn oṣù mẹ́ta bá ju ti ọmọ yìí lọ dáadáa, tó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìlọ́po méjì, èmi á gbà á láìjiyàn. Ẹ má retí ìdá 92 lọ́wọ́ ọmọ ọdún mẹ́sàn-án. Ìwádìí tí wọ́n ṣe lórí àwọn ọmọdé ní Bìrìtéènì fi hàn pé láti ọdún mẹ́fà lọ ni àwọ̀ lẹ́tà ń fìdí múlẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Àwọn kan ti dúró, àwọn kan ṣì ń mì.

Ibi tí ìdánwò yìí ti sábà máa ń bàjẹ́ ni kí òbí béèrè orúkọ àwọ̀ dípò kó jẹ́ kí ọmọ nawọ́. Nínú èdè wa, pupa gba epo, ó gba bíríkì, ó gba ìbẹ́pẹ tó pọ́n, ó tún gba ara ẹni tó mọ́lẹ̀. Ọmọ tó bá ní “pupa” lẹ́ẹ̀mejì lè ti rí àwọ̀ méjì tó jìnnà síra, ẹ ó sì fún un ní máàkì tí kò tọ́ sí i. Bákan náà, ẹni tó ní “àwọ̀ ewé” lónìí àti “àwọ̀ aró” lọ́la lè máa tọ́ka sí ojú kan náà gan-an láàárín méjèèjì. Ọwọ́ ni kó fi dáhùn.

Ẹ tún wo kàlẹ́ńdà ògiri yín àtijọ́ àti ìwé ABD tó kọ́kọ́ lò. Ní 2013, Nathan Witthoft àti Jonathan Winawer kọ nípa ènìyàn mọ́kànlá tó ní sinẹsitísíà, tí àwọ̀ lẹ́tà wọn bá ti lẹ́tà onímágínẹ́ẹ̀tì Fisher-Price mu, ohun ìṣeré tí púpọ̀ nínú wọn fi ṣeré ní kékeré. Nítorí náà, bí ẹ bá rí i pé wọ́n tẹ Ajé ní pupa lórí kàlẹ́ńdà yẹn bí ọmọ ṣe sọ, ẹ má tìtorí ẹ̀ ní ó ń purọ́. Ọmọ lè ti rí àwọ̀ náà níbì kan; ohun tó jẹ́ kó jẹ́ sinẹsitísíà ni pé ó lẹ̀, kò sì ní ṣí kúrò mọ́, ó sì ń yọjú láìpè.

Ohun kan tún wà fún ọmọ tó ń sọ èdè méjì. Ẹ má da “Monday” àti “Ajé” pọ̀ nínú ìdánwò kan. Fún àwọn kan, ìtumọ̀ ló ní àwọ̀, orúkọ méjèèjì á sì jọra; fún àwọn mìíràn, lẹ́tà tó bẹ̀rẹ̀ orúkọ ló ń pín àwọ̀, ọ̀rọ̀ á sì yí padà pátápátá. Ẹ ṣe ti Yorùbá lọ́jọ́ kan, ti Gẹ̀ẹ́sì lọ́jọ́ mìíràn. Bí ọmọ náà bá ń bá ìyá yín ná ọjà ọlọ́rọọrún, tó sì mọ bí ọjọ́ ọjà ṣe ń yí, ẹ béèrè ìyẹn náà. Inú mi á dùn láti mọ ìdáhùn rẹ̀, torí ti ọlọ́jọ́ méje ni àwọn olùwádìí òkèèrè sábà ń béèrè.

Ti ibùdó oṣù gba àgbàlá. Ẹ fi okùn mítà kan àti ṣọ́ọ̀kì fa òbìrípo yí ọmọ ká, kó dúró sí àárín, kó kọjú síbì kan, kó má yí ọrùn. Ẹ pe oṣù kọ̀ọ̀kan ní wúruwùru, kó fi igi tọ́ka sí ibi tó wà. Ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ bí ojú aago: iwájú jẹ́ 12, ọwọ́ ọ̀tún 3, ẹ̀yìn 6, ọwọ́ òsì 9. Ẹ má jẹ́ kó mọ̀ pé aago ni ẹ ń lò, kó má baà bẹ̀rẹ̀ sí í tò ó bí aago. Ẹ tún béèrè bó ṣe ga tó: orúnkún, ìbàdí tàbí èjìká? Ààyè oṣù kì í sábà dọ́gba. Oṣù méjì lè fẹ̀ ju mẹ́rin yòókù lọ. Lẹ́yìn oṣù kan, ẹ tún un ṣe, ṣùgbọ́n kó kọjú sí ìhà mìíràn. Bí Dìsẹ́ńbà bá ṣì wà lẹ́yìn èjìká òsì, ara rẹ̀ ló ń gbé e kiri. Bó bá dúró tì ògiri tó wà tẹ́lẹ̀, ilẹ̀ ló so mọ́. Méjèèjì ṣeé ṣe, ẹ ṣáà kọ ọ́.

Mi ò fọkàn tán ìdánwò kejì yìí tó ti àkọ́kọ́, mo sì fẹ́ kí ẹ mọ ìdí. Ọmọ tó kàn rántí pé “iwájú ni mo ti bẹ̀rẹ̀, ọ̀tún ni mo gbà” lè tún gbogbo rẹ̀ tò láìní ohunkóhun. Ẹnu rẹ̀ ni kí ẹ wò. Ẹni tó ń ṣírò á máa ka Jánúárì, Fẹ́búárì, Máàṣì lábẹ́ ètè kó tó nawọ́ sí Ọ́gọ́ọ̀sì, á sì pẹ́ sí i bí oṣù náà bá ti jìnnà tó. Ẹni tí oṣù wà níbùdó fún á nawọ́ lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀, ì báà jẹ́ Nòfẹ́ńbà lẹ ó kọ́kọ́ pè. Kí ẹ sì bi í bóyá òde ló ti ń rí i bí ó ṣe ń rí ògiri, tàbí nínú ọkàn. Ọ̀pọ̀ jù lọ á ní nínú ọkàn. Bó bá ní òde ni, ìyẹn náà wà lára rẹ̀, kì í ṣe ìran wèrè.

Ilé ìwòsàn ńkọ́? Fún ohun tó ti wà lára ọmọ láti kékeré, tí kò yí padà, tí kò sì dùn ún, kò sí oògùn, kò sì yẹ kí wọ́n kọ ọ̀kankan. Ọ̀rọ̀ á yí padà bí irú nǹkan báyìí bá ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ lójijì lára ọmọ ńlá tàbí àgbàlagbà. Bó bá tẹ̀ lé ìfarapa orí. Bí gìrì tàbí wárápá bá wà níbẹ̀, tàbí tí ọmọ náà máa ń ranjú fún ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀ láìgbọ́ ohun tí ẹ ń sọ. Bí iná bá ń kọ yànrànyànràn lójú rẹ̀ kí ẹ̀fọ́rí líle tó dé. Bí ohùn kan bá ń pàṣẹ fún un. Tàbí bí ó bá ti lo oògùn kan tó lè yí orí padà. Ọ̀kankan nínú ìwọ̀nyí, ẹ má jáfara. Láti Òṣogbo, ilé ìwòsàn yunifásítì tó wà ní Ilé-Ifẹ̀ tàbí UCH ní Ìbàdàn ní dókítà ọpọlọ. Ó ṣeé ṣe kí wọ́n ṣe àyẹ̀wò EEG, níbi tí wọ́n ti ń lẹ wáyà mọ́ orí láti ka iná inú ọpọlọ. Kì í dunni.

Ẹ sọ fún tíṣà rẹ̀ pé kó jẹ́ kí ọmọ náà fi pẹ́ńsù tirẹ̀ kun ìwé àkókò iṣẹ́ rẹ̀. Bí ilé ìwé bá tẹ Ajé ní àwọ̀ aró nígbà tó jẹ́ pé pupa ni tirẹ̀, ojú rẹ̀ á máa kọsẹ̀ lórí rẹ̀, á sì falẹ̀. Nínú ẹ̀kọ́ ìtàn, ó ní àǹfààní: ìwádìí kan tí Simner àti àwọn mìíràn ṣe ní 2009 fi hàn pé àwọn tí àkókò ní ibùdó fún máa ń rántí ọjọ́ ìṣẹ̀lẹ̀ ju àwọn yòókù lọ. Ẹ ní kó ya òbìrípo rẹ̀ sórí pépà ńlá, kó máa kọ ọjọ́ ìdánwò, ọjọ́ ìbí àti ọdún ìtàn sí ibi tí wọ́n wà gan-an. Ṣùgbọ́n bí nọ́ńbà bá ní ibùdó fún un pẹ̀lú, ẹ ṣọ́ ìṣirò ìsọdipúpọ̀. Àwọn kan máa ń rìn lórí ìlà nọ́ńbà náà láti dé ìdáhùn, wọ́n sì máa ń pẹ́. Ẹ jẹ́ kó fi ẹnu kọ́ tébù, kó máa kà á sókè títí ìdáhùn á fi máa jáde kí ìlà tó yọjú.

Ẹ kọ déètì sórí pépà ìdánwò méjèèjì, kí ẹ dì wọ́n mọ́ ara wọn. Ẹ tún ṣe ti àwọ̀ nígbà tó bá pé ọdún mọ́kànlá, pẹ̀lú pépà àwọ̀ 48 kan náà, nítorí náà ẹ fi wọ́n sínú àpò ìwé tí oòrùn kò ní dé, kí àwọ̀ wọn má baà ṣí.